Èrò nípa ọkùnrin àti obìnrin nínú ìṣẹ̀dá ohun èlò

Èrò nípa ọkùnrin àti obìnrin nínú ìṣẹ̀dá ohun èlò jẹ́ ẹ̀ka ìwádìí kan tó wà láàárín ìmọ̀ ìbágbépọ̀ ẹ̀dá àti ìmọ̀ ẹ̀rọ. Ohun tó ń yẹ̀ wò ni bí ìgbàgbọ́ àwọn ènìyàn nípa ara, agbára, iṣẹ́ àti ìwà ọkùnrin tàbí obìnrin ṣe ń wọ inú àwọn nǹkan tí a ń lò lójoojúmọ́, láti orí ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ títí dé orí àpò ṣòkòtò. Kò sí ohun èlò tí a ṣe láìronú kan ẹni tí yóò lò ó. Ẹni tó kan àga ti fojú inú wo ìdí tí yóò jókòó lé e. Ẹni tó ṣe ọkọ̀ ti fojú inú wo ẹsẹ̀ tí yóò tẹ bíréèkì. Ìbéèrè tí ẹ̀ka yìí ń béèrè ni pé ta ni ẹni tí a fojú inú wò náà, àti pé kí ló ń ṣẹlẹ̀ sí ẹni tí a kò rántí.

Ọ̀nà méjì ni irú èrò bẹ́ẹ̀ máa ń gbà hàn jù. Nígbà mìíràn, a máa pín ohun kan ṣoṣo sí ti ọkùnrin àti ti obìnrin, tí ìyàtọ̀ àárín wọn kì yóò sì ju àwọ̀ àti iye owó lọ. Nígbà mìíràn ẹ̀wẹ̀, a máa ṣe ohun kan fún gbogbo ènìyàn, láìkíyèsí pé ara ọkùnrin nìkan ni a wọn. Èyí àkọ́kọ́ ni ojú tètè máa ń rí, òun sì ni àwọn ènìyàn máa ń bínú sí. Èyí èkejì kò ní àwọ̀ kankan tí a lè fi dá a mọ̀, òun ló sì ń ṣe ìpalára jù.

Ibi tí ìwádìí náà ti bẹ̀rẹ̀

Fún ìgbà pípẹ́, ọ̀pọ̀ ìwé ìtàn nípa ẹ̀rọ ni a kọ bí ẹni pé ṣe ni ohun èlò ń ti ara rẹ̀ dàgbà, tí èyí tó dára jù yóò sì borí àwọn yòókù. Ní ọdún 1984, Trevor Pinch àti Wiebe Bijker tẹ àpilẹ̀kọ kan jáde tó ta ko èrò yìí. Ìtàn kẹ̀kẹ́ ológeere wà lára ohun tí wọ́n fi ṣe àpẹẹrẹ. Kẹ̀kẹ́ tí táyà iwájú rẹ̀ ga fíofío, tó gbòde ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì láàárín àwọn ọdún 1870, jẹ́ ohun ìyangàn lójú ọ̀dọ́mọkùnrin tó fẹ́ fi ìgboyà rẹ̀ han ayé. Lójú obìnrin tó wọ síkẹ́ẹ̀tì gígùn tó ń wọ́lẹ̀, ewu lásán ni. Kẹ̀kẹ́ kan náà ni àwọn méjèèjì ń wò.

Madeleine Akrich, onímọ̀ ará ilẹ̀ Faransé, fi kún un ní ọdún 1992. Ó fi ohun èlò wé ìwé eré fíìmù: ẹni tó ṣe é ti kọ ipa tí olùlò yóò kó sílẹ̀ kí olùlò náà tó dé. Ọdún kan lẹ́yìn náà ni Cynthia Cockburn àti Susan Ormrod tẹ ìwé jáde nípa bí ẹ̀rọ amóúnjẹgbóná tí a ń pè ní makirowéfù ṣe wọ ilé àwọn ará Gẹ̀ẹ́sì. Nígbà tí ẹ̀rọ náà kọ́kọ́ dé, ẹ̀gbẹ́ tẹlifíṣọ̀n àti ẹ̀rọ orin ni àwọn ilé ìtajà ń tò ó sí, ní ibi ohun ìgbádùn tí wọ́n rò pé ọkùnrin ló ń rà. Nígbà tó yá, wọ́n kùn ún ní funfun, wọ́n sì gbé e lọ sí àárín sítóòfù àti ẹ̀rọ ìfọṣọ. Iná tó ń mú oúnjẹ gbóná nínú rẹ̀ kò yí padà. Ẹni tí wọ́n rò pé yóò rà á ló yí padà.

Ọmọlangidi inú ọkọ̀

Àpẹẹrẹ tí àwọn onímọ̀ máa ń tọ́ka sí jù, nítorí pé ẹ̀mí ènìyàn wà níbẹ̀, ni ti ọmọlangidi tí a fi ń dán ọkọ̀ wò. Kí ọkọ̀ tuntun tó jáde sí ọjà, a máa ń mú un sáré kọlu ògiri nígbà tí ọmọlangidi tó tóbi tó ènìyàn jókòó sínú rẹ̀. Àwọn ẹ̀rọ kéékèèké tó wà ní orí, ọrùn, àyà àti itan ọmọlangidi náà yóò wọn bí ìkọlù ṣe le tó. Ìwọ̀n wọ̀nyí ni àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ yóò fi tún bẹ́líìtì, ìjókòó àti àpò afẹ́fẹ́ ṣe. Èyí túmọ̀ sí pé ẹni tó bá jọ ọmọlangidi náà ni ọkọ̀ yóò mọ bí a ti ń dáàbò bò.

Lára àwọn ọmọlangidi àkọ́kọ́ ni Sierra Sam, tí a ṣe ní ọdún 1949 fún àwọn ológun ojú òfúrufú Amẹ́ríkà. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti dán ìjókòó tó ń ta awakọ̀ òfúrufú jáde nígbà ewu wò. Ara ọkùnrin sìgbọnlẹ̀ ni wọ́n fún un, nítorí pé ọkùnrin ni wọ́n ń gbà sí iṣẹ́ náà nígbà yẹn. Láti ibùdó ológun ni irú ọmọlangidi yìí ti wọ ilé-iṣẹ́ ọkọ̀. Ní ọdún 1976, General Motors ṣe èyí tí a ń pè ní Hybrid III, tí gíga rẹ̀ jẹ́ nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 175, tí ó sì wúwo tó kílógíráàmù 78. Ìwọ̀n ọkùnrin Amẹ́ríkà tí kò sanra jù, tí kò sì tín-ínrín jù ni. Ọmọlangidi yìí ni ó di awakọ̀ nínú ìdánwò ọkọ̀ káàkiri àgbáyé, ó sì jókòó sórí àga náà fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Nígbà tí wọ́n wá ṣe ọmọlangidi obìnrin, wọn kò bẹ̀rẹ̀ láti orí ara obìnrin. Ti ọkùnrin ni wọ́n dín kù. Gíga rẹ̀ kò ju nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 152 lọ, ìwúwo rẹ̀ kò sì ju kílógíráàmù 49 lọ. Nínú ọgọ́rùn-ún obìnrin Amẹ́ríkà ní àwọn ọdún 1970, márùn-ún péré ni ara wọn kéré tó báyìí. Ara obìnrin kì í sì í ṣe ara ọkùnrin tí a fọ̀ tó sún kì. Egungun ìbàdí wọn yàtọ̀, iṣan ọrùn obìnrin kò nípọn tó ti ọkùnrin, ọ̀pọ̀ obìnrin ló sì máa ń fa ìjókòó sún mọ́ iwájú kí ẹsẹ̀ wọn lè tó bíréèkì. Nígbà tí ìjọba Amẹ́ríkà mú ọmọlangidi obìnrin náà wọ ìdánwò ìkọlù iwájú tí wọ́n fi ń fún ọkọ̀ ní ìràwọ̀, fún àwọn ọkọ̀ ọdún 2011, ẹ̀gbẹ́ awakọ̀ ni wọ́n fi í sí. Ọkùnrin ló ṣì ń wakọ̀.

Ohun tí èyí lè fà hàn kedere nígbà tí àpò afẹ́fẹ́ kọ́kọ́ wọ ọkọ̀ ní Amẹ́ríkà. Òfin béèrè pé kí àpò náà lè gba ọkùnrin alábọ́ọ́dé tí kò de bẹ́líìtì là. Agbára tí ìyẹn gbà pọ̀ débi pé, ní àwọn ọdún 1990, àpò tó yẹ kó gba ènìyàn là pa àwọn ọmọdé àti àwọn obìnrin kúkurú tó jókòó sún mọ́ sítíárìn, nínú ìkọlù tí kò le tó ohun tí ì bá pa ènìyàn. Ní ọdún 1997, ìjọba gba àwọn ilé-iṣẹ́ ọkọ̀ láàyè láti dín agbára náà kù. Òfin tó tẹ̀ lé e sì mú un ní dandan láti fi ọmọlangidi obìnrin àti ti ọmọdé dán àpò wò.

Ìwádìí kan láti Yunifásítì Virginia, tó jáde ní ọdún 2011, yẹ ìjàǹbá tó ti ṣẹlẹ̀ lójú pópó Amẹ́ríkà wò. Ó rí i pé àǹfààní pé obìnrin awakọ̀ tó de bẹ́líìtì yóò fara pa gidigidi fi ìdá 47 nínú ọgọ́rùn-ún ju ti ọkùnrin tó de bẹ́líìtì lọ nínú irú ìkọlù kan náà. Òmíràn láti yunifásítì náà ní ọdún 2019 wo ìkọlù iwájú nìkan, ó sì rí ìdá 73.

Àwọn kan ti jiyàn pé kì í ṣe ọmọlangidi nìkan ló fa èyí. Ní ọdún 2021, àjọ kan tí àwọn ilé-iṣẹ́ abánigbófò Amẹ́ríkà ń náwó sí láti máa ṣèwádìí ààbò ojú pópó fi hàn pé obìnrin ló sábà máa ń wa ọkọ̀ kékeré tí kò wúwo, àti pé nígbà tí ọkọ̀ méjì bá kọlu ara wọn, ọkọ̀ tí ọkùnrin ń wà ló sábà máa ń jẹ́ èyí tó kọlu èkejì. Nígbà tí àwọn olùwádìí náà fi ìkọlù tó jọra wé ara wọn, ọ̀pọ̀ nínú ìyàtọ̀ náà dín kù, ṣùgbọ́n ti ẹsẹ̀ kò lọ: egungun ẹsẹ̀ àwọn obìnrin ṣì ń ṣẹ́ ju ti ọkùnrin lọ. Ìwádìí yìí kò sọ èyí tó ṣáájú rẹ̀ di irọ́. Ohun tó fi kún un ni pé ẹni tí ó ń ra ọkọ̀ kékeré, àti ìdí tí ó fi ń rà á, wà lára ọ̀ràn náà.

Ní ilẹ̀ Swídìn, Astrid Linder àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ gba ọ̀nà mìíràn. Ọ̀ràn ọrùn ni wọ́n mú. Tí a bá kọlu ọkọ̀ láti ẹ̀yìn, orí máa ń fì sẹ́yìn kó tó wá síwájú, ọrùn a sì fara pa. Obìnrin ni èyí ń ṣe jù. Lára ohun tó fà á ni pé ẹ̀yìn ìjókòó tí a ṣe fún ara tó wúwo máa ń le fún ara tó fúyẹ́. Kò ní tẹ̀ fún un, ṣe ni yóò tì í padà síwájú pẹ̀lú eré. Ní ọdún 2022, wọ́n gbé ọmọlangidi obìnrin alábọ́ọ́dé kan jáde fún ìdánwò ìkọlù ẹ̀yìn, tí gíga rẹ̀ jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 162, tí ìwúwo rẹ̀ sì jẹ́ kílógíráàmù 62. Wọn kò gé e kúrò lára ọkùnrin.

Ọ̀rọ̀ yìí kan Nàìjíríà àti Bẹ̀nẹ̀ ju bí a ti lè rò lọ. Tòkúnbọ̀ ni púpọ̀ nínú ọkọ̀ tó ń rìn lójú pópó wa. Òkè òkun ni a ti dán wọn wò, ọ̀pọ̀ ọdún kí wọ́n tó gúnlẹ̀ sí èbúté Àpápá tàbí Kọ̀tọ̀nù, òṣùwọ̀n ibẹ̀ ni a sì fi dán wọn wò. Obìnrin tó ń wa irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ ní Ìbàdàn jókòó sí àyè tí a wọn fún ọkùnrin Amẹ́ríkà kan tí kò sí níbì kankan, ọkùnrin alábọ́ọ́dé ọdún 1976.

Aṣọ ìdáàbòbò àti òtútù ilé-iṣẹ́

Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ pé nǹkan bí ìdá 70 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn òṣìṣẹ́ ìlera àti ìtọ́jú lágbàáyé jẹ́ obìnrin. Síbẹ̀, nígbà àjàkálẹ̀ àrùn kòrónà, ọ̀pọ̀ nọ́ọ̀sì àti dókítà obìnrin ni wọ́n rí i pé ìbomú kò lẹ̀ mọ́ ojú wọn dáadáa àti pé aṣọ ìdáàbòbò tóbi jù wọ́n lọ. Ìbomú tó bá sì fi àyè sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rẹ̀kẹ́ kò ṣe iṣẹ́ tí a torí rẹ̀ wọ̀ ọ́.

Aṣọ awòsánmà kì í ṣe ohun ojoojúmọ́, ṣùgbọ́n ó mú kí gbogbo ayé gbọ́ nípa ọ̀rọ̀ yìí. Ní oṣù kẹta ọdún 2019, obìnrin méjì, Anne McClain àti Christina Koch, ni ó yẹ kí wọ́n jọ jáde síta láti inú ibùdó òfúrufú àgbáyé, èyí tí obìnrin méjì kò tíì ṣe rí. Aṣọ òkè tó bá àwọn méjèèjì mu wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ẹyọ kan ṣoṣo ni ó ti wà ní sẹpẹ́. Ọkùnrin kan ló bá Koch jáde lọ́jọ́ náà. Ọjọ́ kejìdínlógún oṣù kẹwàá ọdún yẹn ni Koch àti Jessica Meir tó jáde pọ̀.

Ti òtútù ilé-iṣẹ́ kò pa ènìyàn, ṣùgbọ́n ó kárí. Ìṣirò tí a fi ń pinnu bí ẹ̀rọ amúlétutù yóò ṣe tutù tó nínú ilé ńlá ti wà láti ìgbà tí Ole Fanger, ará Dẹ́nmáàkì, ti tẹ ìwé rẹ̀ jáde ní ọdún 1970. Apá kan nínú ìṣirò náà jẹ́ bí ara ènìyàn ṣe ń mú ooru jáde, ọkùnrin ọmọ ogójì ọdún tó wúwo tó kílógíráàmù 70 ni wọ́n sì fi ṣe òṣùwọ̀n rẹ̀. Boris Kingma àti Wouter van Marken Lichtenbelt tọ́ka sí i ní ọdún 2015 pé òṣùwọ̀n yìí lè fi ìdá 35 nínú ọgọ́rùn-ún ju ooru tí ara obìnrin ń mú jáde lọ. Obìnrin mẹ́rìndínlógún péré ni wọ́n yẹ̀ wò, èyí kéré. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá ti rí akọ̀wé báńkì tó wọ súwẹ́tà ní ọ̀sán gangan ní Èkó yóò mọ ohun tí wọ́n ń sọ.

Nígbà tí a bá pín ohun kan sí méjì

Ní ọdún 1915, ilé-iṣẹ́ Gillette gbé abẹ ìfárun kan jáde fún àwọn obìnrin. Abẹ ni abẹ ń jẹ́, ṣùgbọ́n láti ìgbà náà ni a ti ń pín in. Ellen van Oost, onímọ̀ ará Nẹ́dálándì, fi ẹ̀rọ ìfárun ti ilé-iṣẹ́ Philips ṣe ìwádìí tó jáde ní ọdún 2003. Ohun tó rí jinlẹ̀ ju ọ̀rọ̀ àwọ̀ lọ. Ẹ̀rọ ti ọkùnrin ń fi ara rẹ̀ hàn bí ẹ̀rọ: ó ní bọ́tìnì tí a lè yí àti iná tó ń sọ bí bátìrì ti ṣẹ́kù tó. Ti obìnrin ń fi ara rẹ̀ pamọ́: a bo ìdè rẹ̀ kí ojú má rí i, a ya á bí ohun ìṣaralóge. Gẹ́gẹ́ bí van Oost ti ṣàlàyé, irú ohun èlò bẹ́ẹ̀ ń kọ́ obìnrin pé ẹ̀rọ kò sí fún un láti tú wò, ó sì ń kọ́ ọkùnrin pé òun ni yóò fẹ́ràn láti máa yí bọ́tìnì.

Àwọ̀ pínǹkì fún ọmọbìnrin àti búlúù fún ọmọkùnrin kò pẹ́ tó bí àwọn ènìyàn ti rò. Ní ọdún 1918, ìwé ìròyìn àwọn oníṣòwò aṣọ ọmọdé kan ní Amẹ́ríkà gba àwọn òǹkàwé rẹ̀ nímọ̀ràn pé pínǹkì ló yẹ ọmọkùnrin nítorí pé ó le ju búlúù lọ. Ohun tó dúró ni owó. Ẹ̀ka ìjọba ìlú New York tó ń rí sí ọ̀ràn àwọn oníbàárà fi nǹkan bí 800 ọjà wé ara wọn ní ọdún 2015, wọ́n sì rí i pé ti obìnrin fi ìdá 7 nínú ọgọ́rùn-ún wọ́n ju irú rẹ̀ ti ọkùnrin lọ ní ìpíndọ́gba. Ní ti ohun ìtọ́jú ara bí ọṣẹ àti abẹ, ìdá 13 ni. Láti oṣù kìíní ọdún 2023, ìpínlẹ̀ California ti fi òfin de irú ìyàtọ̀ owó bẹ́ẹ̀ lórí ọjà tó jọra.

Ti ohùn inú fóònù kò yàtọ̀ púpọ̀. Nígbà tí Siri jáde ní ọdún 2011, ohùn obìnrin ni àwọn ará Amẹ́ríkà ń gbọ́, ohùn ọkùnrin sì ni àwọn ará Gẹ̀ẹ́sì ń gbọ́. Àjọ UNESCO kọ ìròyìn kan ní ọdún 2019 tó ní ohùn obìnrin tí a fún ìránṣẹ́ tí kì í jiyàn ń kọ́ àwọn ọmọdé ní ohun tí kò yẹ. Láti ọdún 2021, Apple ń jẹ́ kí olùlò èdè Gẹ̀ẹ́sì yan ohùn fúnra rẹ̀.

Kẹ̀kẹ́, ọkọ̀ oníná àti ilé ìdáná

Nígbà tí kẹ̀kẹ́ onítáyà ọgbọọgba tí John Kemp Starley ṣe ní ọdún 1885 gba ipò lọ́wọ́ kẹ̀kẹ́ gíga, obìnrin púpọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í gun kẹ̀kẹ́. Kí síkẹ́ẹ̀tì gígùn lè ráyè, a tẹ irin àárín rẹ̀ wálẹ̀, a sì fi ohun kan bo ẹ̀gbẹ́ táyà ẹ̀yìn kí aṣọ má bàa há. Síkẹ́ẹ̀tì gígùn ti lọ tipẹ́, ṣùgbọ́n irin tó tẹ̀ náà kò lọ, "ti obìnrin" ni wọ́n ṣì ń pè é níbi púpọ̀. Ní Nẹ́dálándì, a lè rí ọkùnrin àgbàlagbà lórí rẹ̀ lójoojúmọ́ láìsí ẹni tí yóò wò ó lẹ́ẹ̀mejì.

Ọkọ̀ oníná náà ti jẹ́ ti obìnrin rí. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún ogún, irin ni a fi ń yí ẹ́ńjìnì epo kí ó tó ṣiṣẹ́, irin náà sì lè ta padà kó ṣẹ́ ènìyàn lápá. Ọkọ̀ oníná kò ní ariwo, kò ní èéfín, kò sì béèrè irin yíyí, àwọn tó ń tà á sì polówó rẹ̀ fún àwọn ìyálé olówó. Clara Ford, ìyàwó Henry Ford tó sọ ọkọ̀ elépo di ti gbogbo ayé, ní ọkọ̀ oníná Detroit Electric ti ọdún 1914. Nígbà tí Charles Kettering ṣe ẹ̀rọ tó ń fi iná mànàmáná ta ẹ́ńjìnì jí, tí Cadillac sì fi sínú ọkọ̀ rẹ̀ ní ọdún 1912, àwọn ènìyàn kà á sí ìrọ̀rùn fún obìnrin. Kò pẹ́ tí kò fi sí ọkùnrin tó fẹ́ padà sí irin yíyí.

Ní ọdún 1926, Margarete Schütte-Lihotzky, obìnrin ayàwòrán ilé láti Vienna, ya ilé ìdáná kan fún àwọn ilé tuntun tí ìjọba ìlú Frankfurt ń kọ́ ní Jámánì. Gígùn rẹ̀ jẹ́ nǹkan bíi mítà 3.4, ìbú rẹ̀ 1.9. Ó ka ìṣísẹ̀ tí obìnrin ń gbé láti ibi omi dé ibi iná, ó sì tò gbogbo nǹkan kí ìṣísẹ̀ náà lè dín kù. Àwọn dúrọ́ọ̀ kékeré wà fún ìyẹ̀fun, ìrẹsì àti ṣúgà, a sì fi àwọ̀ búlúù kun igi ibẹ̀ nítorí ìgbàgbọ́ pé eṣinṣin kì í fẹ́ bà lé e. Nǹkan bí 10,000 ni wọ́n kọ́. Ète rẹ̀ dára: kí obìnrin lè tètè kúrò nídìí ààrò lọ ṣe ohun mìíràn. Ṣùgbọ́n ẹnì kan ṣoṣo ni yàrá náà gbà. Ní àwọn ọdún 1970, àwọn obìnrin ajàjàgbara bẹ̀rẹ̀ sí í sọ pé ilé ìdáná tó kéré tó bẹ́ẹ̀ ti pinnu ṣáájú pé obìnrin ni yóò wà níbẹ̀, òun nìkan, nígbà tí àwọn yòókù wà ní yàrá kejì. Ilé ìdáná kò rí bẹ́ẹ̀ nínú agboolé Yorùbá, níbi tí ìyálé, ìyàwó àti àwọn ọmọ ti ń jọ dáná lẹ́yìnkùlé. Àwọn fúláàtì tí a ń kọ́ lónìí ní Èkó ló mú ti Frankfurt náà wọlé.

Ní ilẹ̀ Yorùbá

Oyèrónkẹ́ Oyěwùmí sọ nínú ìwé rẹ̀, The Invention of Women, tó jáde ní ọdún 1997, pé ipò ẹ̀gbọ́n àti àbúrò ló ń darí àwùjọ Ọ̀yọ́-Yorùbá kí àwọn òyìnbó tó dé, kì í ṣe ti ọkùnrin àti obìnrin. Ó tọ́ka sí i pé "ó" ni à ń pe ọkùnrin, "ó" náà ni à ń pe obìnrin, nígbà tí "wọ́n" wà fún àgbà. Àwọn onímọ̀ mìíràn ti ta kò ó, wọ́n ní èdè nìkan kò tó ẹ̀rí. Ohun èlò wa pàápàá ń ṣe ẹlẹ́rìí fún ìhà méjèèjì. Ìyá ìlù ni olórí nínú ìlù dùndún, síbẹ̀ àwọn ọkùnrin ìdílé Àyàn ló sábà ń gbé e kọ́ èjìká. Agbádá ní àpò ńlá níwájú. Ìró àti bùbá kò ní, etí ìró ni obìnrin ń di owó mọ́. (Ní Amẹ́ríkà, àwọn kan wọn ṣòkòtò jíǹsì ní ọdún 2018, wọ́n sì rí i pé àpò iwájú ti obìnrin fi ìdá 48 nínú ọgọ́rùn-ún kúrú ju ti ọkùnrin lọ.)

Ẹ̀rọ ìránṣọ fi hàn pé ohun èlò kan náà lè yí ipò padà bí ó bá ti sọdá òkun. Nígbà tí Isaac Singer ń tà á ní Amẹ́ríkà láti ọdún 1851, àwọn kan ń ṣiyèméjì bóyá obìnrin lè lo ẹ̀rọ. Ó gbé àwọn ọ̀dọ́mọbìnrin síwájú ilé ìtajà kí wọ́n máa fi hàn pé ó rọrùn. Láìpẹ́, ohun ọ̀ṣọ́ yàrá ìyàwó ilé ni wọ́n ń pè é, wọ́n sì fi òdòdó wúrà kùn ún lára. Ẹ̀rọ olódòdó wúrà yìí kan náà ni àwọn ọkùnrin alátùn-únṣe tí a ń pè ní ọbíọmà ń gbé lé èjìká kiri àdúgbò ní Èkó, tí wọ́n ń fi àlùmọ́gàjí lu igi rẹ̀ kí àwọn oníbàárà lè gbọ́.

Àpẹẹrẹ tó ṣe kedere jù lọ nílẹ̀ wa ni òfì. Oríṣi méjì ló wà. Èyí tí àwọn obìnrin ń lò dúró lóòró, wọ́n a fi ti ògiri nínú ilé tàbí ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, aṣọ tó fẹ̀ ló sì máa ń jáde níbẹ̀. Kíjìpá wà lára wọn. Èyí tí àwọn ọkùnrin ń lò gùn síta gbalaja, wọ́n a fi ẹsẹ̀ tẹ̀ ẹ́, aṣọ tẹ́ẹ́rẹ́ tí ìbú rẹ̀ jẹ́ nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 10 sí 15 ló sì ń jáde, tí a óò wá rán pọ̀ di aṣọ òkè. Òwú rẹ̀ nílò ilẹ̀ gbalasa níwájú ahunṣọ, nítorí náà ìta gbangba ni àwọn ọkùnrin ti ń hun ún lẹ́gbẹẹgbẹ́ ní Ìsẹ́yìn àti Ìlọrin. Òfì obìnrin kò béèrè àyè. Obìnrin lè dìde nídìí rẹ̀ lọ bu omi sí ọbẹ̀, lọ gbé ọmọ, kó sì padà wá bá iṣẹ́ níbi tó ti fi í sílẹ̀. Bóyá ìṣètò ilé ló bí òfì náà, tàbí òfì ló fi ìṣètò ilé múlẹ̀, ọ̀rọ̀ tí àwọn òpìtàn ṣì ń jà lé lórí ni.

Láti ìdajì kejì ọ̀rúndún ogún ni àwọn obìnrin ti ń kọ́ òfì ẹlẹ́sẹ̀, bí aṣọ òkè ṣe di ohun tí gbogbo òde ìyàwó ń béèrè tí owó sì wọ inú rẹ̀. Lónìí, obìnrin ahunṣọ kì í ṣe ohun ìyàlẹ́nu mọ́ nídìí rẹ̀. Òfì ìdúró, èyí tí a ń pè ní ti obìnrin, ló ń di ohun àwátì, nítorí pé àwọn ọmọbìnrin tó yẹ kí wọ́n jogún rẹ̀ ti jókòó sídìí èkejì.